Fikún-un àti Orin Ìyá Ìyàwó Rẹ̀

Fikún-un ni gbogbo àdúgbò ń pe ọkùnrin yìí. Bí o bá gbé orin dé yàrá ìgbohùnsílẹ̀ rẹ̀, tí o ní kó rọra, yóò fi kún un. Bí o bá ní ó ti tó, yóò tún fi kún un. Irinṣẹ́ kan wà nínú kọ̀ǹpútà rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní límítà. Iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kó di orí ohùn tó bá fò sókè jù mú, kó má baà fọ́. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń lò ó bí iyọ̀. Fikún-un sọ ọ́ di ọbẹ̀. Yóò tẹ ohùn ńlá mọ́lẹ̀, yóò gbé ohùn kékeré dìde, títí àwòrán orin yóò fi tẹ́jú lójú kọ̀ǹpútà bí ògiri tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rẹ́. Ìgbà náà ni yóò fẹ̀yìn ti àga.

Ìyá ìyàwó rẹ̀ ni kò gbà pé iṣẹ́ ni. Àmọ́ nígbà tí ọkọ màmá yìí kú, ó fẹ́ kọ orin méje tí bàbá náà fẹ́ràn kí wọ́n gbà wọ́n sílẹ̀, ó sì fi ọ̀kan dán àna rẹ̀ wò. Bó bá dára, mẹ́fà tó kù di tirẹ̀. Bí kò bá dára, ó di ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn, gbogbo ẹbí á sì mọ ìdí rẹ̀.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni Fikún-un fi tẹ orin náà. Lọ́jọ́ kẹwàá, ó gbé e lọ sí pálọ̀ Màmá. Ìyàwó rẹ̀ wà níbẹ̀, aránṣọ Màmá tó bá a gbe orin náà sì wà níbẹ̀. Ẹsẹ kìíní dún bí ẹni ń kan páànù. Níbi tó yẹ kó dákẹ́ díẹ̀ kí ìkejì tó bẹ̀rẹ̀, èémí Màmá jáde nínú orin náà bí ìjì, lẹ́yìn náà ni ọ̀rọ̀ tó sọ sí aránṣọ létí jẹ́ẹ́jẹ́ lọ́jọ́ tí wọ́n kọrin là gbọnrangandan:

"Fi í sílẹ̀ jàre. Ojú ni ọkọ ọmọ mi fi ń gbọ́ orin."

Aránṣọ fi ìborùn bo ẹnu, ẹ̀rín ń mi èjìká rẹ̀. Ìyàwó Fikún-un ń wo kápẹ́ẹ̀tì.

"Ẹ má bínú, Mà," ni Fikún-un wí.

"Èmi ni mo bú ọ, ìwọ lo tún ń bẹ̀ mí. Ọjọ́ mélòó lorin yìí lò lọ́wọ́ ẹ?"

"Mẹ́sàn-án, Mà."

"O ò gbọ́ ibẹ̀ yẹn?"

Ó wá irọ́ kan nínú ara rẹ̀, kò rí èyí tó bá a mu. "Mi ò gbọ́, Mà. Ó ṣáà tẹ́jú dáadáa."

"Ẹ gbọ́ o," ni Màmá wí fún aránṣọ. "Orin tí mo fi ń sunkún ọkọ mi, ó tẹ́jú bíi bẹ́ẹ̀dì."

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, Màmá bá a lọ síbi iṣẹ́, ó fi táwẹ́ẹ̀lì bo ojú kọ̀ǹpútà. Fikún-un ń tú límítà náà sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ibi tí Màmá ti ń pe ọkọ rẹ̀ lọ sílẹ̀ bí ọ̀rọ̀ orí ìrọ̀rí. Ibi tó ti ké sókè, límítà kàn fọwọ́ bà á lórí ni. Fikún-un dá ibẹ̀ padà, ó tún un gbọ́. Kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ẹkún wà níbẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí n gé ọ̀rọ̀ tẹ́ ẹ sọ sí aránṣọ yẹn kúrò, Mà."

"Gé e. Ẹni tí mo ń bá wí ti gbọ́." Màmá dìde, ó ń tún gèlè rẹ̀ wé. "Ọjọ́bọ̀ la ó wá kọ orin ìkejì. Má lọ sọ fún ìyàwó ẹ pé mo yìn ọ́ o. Mi ò yìn ọ́."