Ẹjọ́ Ilẹ̀ Tí Ọkọ Mi Kọ̀ Láti Buwọ́ Lù

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990 la ra ilé kan lẹ́yìn ìlú Padova, nílùú òyìnbó tí a ń gbé. Orúkọ ọkọ mi nìkan ló wà nínú ìwé rẹ̀. Èmi tí mo kàwé jù ú lọ, èmi tí mo bá ẹni tó tà á dúnàádúrà, mo gbà bẹ́ẹ̀ nítorí ó ní ojú máa ti òun láàárín àwọn ará ilé wa tí orúkọ ìyàwó bá wà lára ìwé ilé. Àṣìṣe tèmi nìyẹn. N kò fi pamọ́.

Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kékeré ni, òrùlé rẹ̀ ti jẹrà. Mo fẹ́ tún òkè ṣe kí ìyá mi nílé lọ́hùn-ún, tí ojú rẹ̀ ti ń ṣú, lè wá máa gbé lọ́dọ̀ mi. Questura, ọ́fíìsì ọlọ́pàá tó ń fún àlejò níwèé ìgbélùú, kò ní fún un níwèé àfi tí comune, ìyẹn ìjọba ìbílẹ̀, bá jẹ́rìí pé ilé wa gbà á. Comune yìí kan náà ló sì fàlà sí ilẹ̀ àdúgbò wa pé àwọn fẹ́ gbà á fi la ọ̀nà. Vincolo ni wọ́n ń pè é. Wọn kò gba ilẹ̀, wọn kò la ọ̀nà, wọn kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tún ilé rẹ̀ kọ́. Nígbà tí ọdún márùn-ún tí òfin fún wọn pé, wọ́n kọ lẹ́tà pé àwọn tún bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọdún márùn-ún mìíràn.

Àwọn aládùúgbò wa, tí púpọ̀ nínú wọn jẹ́ àgbẹ̀, fárígá. Wọ́n gba lọ́yà láti pe comune lẹ́jọ́ ní kóòtù tó wà ní Venezia. Opó kan tó ń sin adìyẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa gbé ìwé ẹjọ́ náà wá kí a buwọ́ lù ú, ó ní ọgọ́ta ọjọ́ péré ni òfin fàyè gbà láti pẹjọ́.

Ọkọ mi mú bírò, ó sì gbé e sílẹ̀. "Jẹ́ kí n bi Pásítọ̀ ná."

Ọmọ ilẹ̀ wa ni Pásítọ̀ yìí, ilé ìkẹ́rùsí kan ló ti ń darí ìjọ wa. Ó wá sílé.

"Mọ́mì, onígbàgbọ́ kì í lọ sí kóòtù àwọn aláìgbàgbọ́. Àpọ́sítélì ti kìlọ̀ fún wa."

"Arákùnrin tó ń pe arákùnrin lẹ́jọ́ ni Àpọ́sítélì ń bá wí. Ìgbà wo ni comune di arákùnrin yín?"

"Ha! Ẹ̀yin alákọ̀wé!"

"Ṣé òrùlé tiyín náà ń jò ni, Pásítọ̀?"

Ọkọ mi ní kí n panu mọ́. Wọ́n yan ààwẹ̀ ọjọ́ mọ́kànlélógún fún wa, mo sì gbà á pé. Nígbà tó ku ọjọ́ méjì kí ọgọ́ta ọjọ́ pé, mo bẹ opó náà pé kó jẹ́ kí n buwọ́ lùwé náà fúnra mi. Ó mi orí. Orúkọ mi kò sí lára onílẹ̀.

Ẹjọ́ náà falẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n jàre. Adájọ́ fagi lé vincolo lórí ilẹ̀ àwọn tó pẹjọ́ nìkan. Òòlù ń dún lọ́tùn-ún, ó ń dún lósì, ike la fi ń gbe òjò ní tiwa. Ọkọ mi wá sáré lọ bá lọ́yà. Lọ́yà ní ọjọ́ ti kọjá.

Gbogbo ọjọ́ Sunday ni ìyá mi ń bi mí lórí fóònù bóyá wọ́n ti kan òrùlé.

"Ó kù díẹ̀, Màámi."

"Ó kù díẹ̀ rẹ yìí mà gùn o. Àbí ojú ọ̀run lẹ ń kan òrùlé ọ̀hún sí?"

Á rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rín in.

Ìgbà òjò ni ìyá mi kú. Àwọn tí kì í ṣe ọmọ rẹ̀ ló ń fà á lọ́wọ́ lọ sí ẹ̀yìnkùlé títí ó fi kú.

Pásítọ̀ wá kí wa. Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni òun àti ẹni tó ni ilé ìkẹ́rùsí ń fa ara wọn ní kóòtù, torí ọkùnrin náà fẹ́ lé ìjọ jáde.

"Mọ́mì, Ọlọ́run ló mọ ìdí rẹ̀."

"Èmi náà mọ̀ ọ́n," mo wí.

Ọkọ mi gbé àga wá fún un. Mo gba àga náà lọ́wọ́ rẹ̀, mo gbé e padà sí ilé ìdáná, mo sì jókòó lé e.