Bí Atòògbé Ṣe Gbé Ohùn Mi Ṣáájú Mi Dé Ìdí-Orúrù

Adìyẹ kò tíì sọ̀ kalẹ̀ lórí igi nígbà tí mo gbéra nílé mi ní Ìlá. Òfì ni mo wọ̀, mo dé fìlà lé e, mo fi lọ́fínńdà sára, nítorí èmi kì í rìnrìn àjò bí ẹni tó ń lọ sóko. Ẹ̀yin ará ilé mọ̀ mí. Ìwé kẹta péré ni mo kà ní iléèwé, síbẹ̀ ẹ wá ilé tó dúró ṣinṣin láti Ìlá títí dé Ọ̀rà, bí ẹ kò bá rí búlọ́ọ̀kù tèmi lára rẹ̀, ẹ pè mí ní òpùrọ́.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, Àbẹ̀ní, ni mo ń lọ mú bọ̀ wálé. Òun ló pọ̀n mí dàgbà nígbà tí ìyá wa ń lọ oko. Ọkọ rẹ̀ ti kú, orúnkún ń dùn ún, òun nìkan ló kù sínú ilé ní Ìdí-Orúrù, lẹ́yìn àwọn òkè. Mo ti kun yàrá kan fún un. Ìyàwó mi ti tẹ́ ibùsùn.

Ọ̀kadà gbé mi dé Òkè-Ìlá. Ní gáréèjì, mo ra àkàrà, ọgọ́rùn-ún náírà lẹ́yọ kan bíi ti ọ̀dọ̀ wa, àmọ́ tiwọn kún ọwọ́. Mo wọ bọ́ọ̀sì Làmídì, ọmọ Ìdí-Orúrù, mo sì san owó ìjókòó méjì níwájú, ní àlọ àti àbọ̀: ti àlọ kí ẹnikẹ́ni má baà rún òfì mi, ti àbọ̀ kí ẹ̀gbọ́n mi lè rí ibi jókòó sí.

Ọ̀nà ọ̀dà tán lẹ́yìn òkè kejì. Ilẹ̀ pupa ló kù, òkúta yọrí nínú rẹ̀ káàkiri. Ebè àwọn ará ibẹ̀ kéré, wọ́n fi òkúta yí i ká kí àgbàrá má baà wó o. Mo rí àwọn ńlá kan lápá ọ̀tún, mo ní, "Ìwọ̀nyí gan-an ò tó ti oko mi."

Làmídì ní, "Ọ̀gá, ibojì nìyẹn."

Gbogbo mọ́tò bú sẹ́rìn-ín.

Ibi tí ọ̀nà ti ń gun òkè kẹta ni Atòògbé ti bá wa. Kùrukùru ni, ó funfun bí ògì, àmọ́ kì í ṣe irú èyí tí à ń rí ní Ìlá láàárọ̀ ọyẹ́. Wọ́n ń pè é ní Atòògbé torí pé kò sùn, kò sì jí. Ó rọra sọ̀ kalẹ̀ lára òkè bí àgbàlagbà tó ń wá ibi jókòó, ó yí mọ́tò ká, ó sì dúró. Mo rí i tó ń mí. Lọ́dọ̀ wa, tí kùrukùru bá bolẹ̀, iná mọ́tò là ń tàn, à ń tẹ fèrè. Làmídì pa ẹ́ńjìnnì ní tirẹ̀, ó sì ṣí gbogbo fèrèsé.

"Ọ̀gá, ẹ ò gba ibí rí," ló wí. "Ohun tí ẹ bá sọ nínú rẹ̀, tí ẹ bá dárúkọ ẹni tí ẹ ń lọ bá, ó máa gbé e dé ọ̀dọ̀ onítọ̀hún kí àwa tó dé. Kì í ṣe òfófó o. Ojú oorun ló wà, ohun tó bá gbọ́ ló ń tún sọ. Ẹni tí kò bá ní ọ̀rọ̀ gidi, ẹ jẹ́ kó panu mọ́."

Ìyá Wàsíù, tó jókòó lẹ́yìn mi pẹ̀lú àpò ẹja gbígbẹ, yọ orí lójú fèrèsé. "Bàbá Wàsíù, ẹ gbé omi kaná! Ẹ má sọ pé bọ́ọ̀lù lẹ̀ ń wò o!"

Mo rẹ́rìn-ín títí. "Kùrukùru wá di ọmọ ọ̀dọ̀?"

"Ẹ̀yin ńkọ́?" Ìyá Wàsíù bi mí. "Ta lẹ̀ ń lọ bá?"

"Àbẹ̀ní ẹ̀gbọ́n mi ni!" Mo pariwo kí àwọn tó wà lẹ́yìn pátápátá lè gbọ́. "Mò ń lọ yọ ọ́ nínú ìyà. Kò bímọ, kò ní nǹkan kan. Bí kì í bá ṣe irú ènìyàn tí mo jẹ́, ta ni ì bá wò ó? Yàrá ẹ̀yìn wà níbẹ̀, ibi tí mò ń kó sìmẹ́ǹtì sí, yóò gbà á. Yóò máa bá mi ṣọ́ àwọn lébìrà."

Làmídì wò mí. "Ọ̀gá, ó ti gbọ́ o."

"Kó gbọ́!"

Kùrukùru náà gbéra díẹ̀díẹ̀, ó gba apá Ìdí-Orúrù lọ.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí, yàrá tí mo kùn kò sí lẹ́yìn. Ẹ̀gbẹ́ tèmi ni, ó kọjú sí títì. N kò kó àpò sìmẹ́ǹtì kankan síbẹ̀ rí. Mo kàn fẹ́ kí àwọn àjèjì mọ̀ pé ènìyàn ńlá ni mí.

Ní Ìdí-Orúrù, gbogbo fèrèsé ló kọjú sí òkè, wọ́n sì ṣí sílẹ̀ gbayawu. Mo bá ẹ̀gbọ́n mi nídìí ẹrù rẹ̀. Mo rò pé ó ń dì í ni. Ó ń tú u ni.

"Àkànní, káàbọ̀," ó ní. "Ohùn rẹ ti dé ṣáájú rẹ. Wá jẹun."

"Ohùn wo, ẹ̀gbọ́n mi?"

"Ojú fèrèsé yìí ló ti sọ ọ́. Àfi bíi pé o dúró síbẹ̀. Mo tiẹ̀ kọ́kọ́ dáhùn, mo ní, 'Àkànní, wọlé.'"

"Kùrukùru lásán! Ta ló ń gba ọ̀rọ̀ kùrukùru gbọ́?"

"Èmi tí mo pọ̀n ọ́, n kò ní mọ ohùn rẹ?" Ó ká ìró kan, ó dá a padà sínú àpótí rẹ̀. "Yàrá ẹ̀yìn ò burú. Ṣùgbọ́n n kò ní lè ṣọ́ lébìrà, orúnkún mi ò gbà."

Ó rẹ́rìn-ín, ojú rẹ̀ kò bá a rẹ́rìn-ín. Àwọn aládùúgbò ti ń yọjú. Ó yẹ kí n dọ̀bálẹ̀ níbẹ̀, kí n ní, "Irọ́ ni mo pa, ẹ̀gbẹ́ tèmi lẹ máa sùn." Ó dé ètè mi. Ṣùgbọ́n báwo ni irú èmi yìí yóò ṣe pe ara rẹ̀ ní òpùrọ́ lójú wọn? Mo jókòó, mo jẹ iyán àti ọbẹ̀ òkété. Iyán wọn kúnná ju tiwa lọ.

"Ó dàárọ̀, Àkànní," ló wí nígbà tí Làmídì tẹ fèrè, bẹ́ẹ̀ ọ̀sán gangan ni.

Mo jókòó níwájú, àyè kan ṣófo lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ní òkè kẹta, mo ní kí Làmídì dúró. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo ṣí fìlà, mo sì sọ gbogbo òtítọ́ náà sókè ketekete, tòun ti orúkọ ẹ̀gbọ́n mi. Oòrùn ń ràn. Ojú ọ̀run mọ́ roro.

Làmídì kò fi mí ṣẹ̀sín. "Kò sí níbí, ọ̀gá. Ó ti lọ. Ṣùgbọ́n ilé wọn ò tíì jìnnà. Ṣé kí n yí mọ́tò padà?"

Mo wo àwọn èrò tó wà lẹ́yìn. Wọ́n ń wò mí.

Mo ní, "Ẹ jẹ́ ká máa lọ."

Ìyàwó mi gbé omi tútù pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà. Ó wo ẹ̀yìn mi. "Ẹ̀gbọ́n wa ńkọ́?"

"Orúnkún ni kò jẹ́ kí wọ́n wá."

Mo ti rí bí wọ́n ṣe ń fi òkúta gbé ebè ró, mo ti jẹ iyán tó kúnná. Àmọ́ ohun tí mo kọ́ kò ju èyí lọ: mo ní ẹnu nígbà tí mo wà níwájú ẹ̀gbọ́n mi, n kò sì lò ó. Ní báyìí, tí kùrukùru bá bolẹ̀ ní Ìlá láàárọ̀, tiwa tí kò mọ nǹkan kan, mo máa ń ṣí fèrèsé yàrá tó kọjú sí títì yẹn, màá sì ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀gbẹ́ tèmi ni." Tiwa kì í gbé e lọ síbì kankan.