Ọjọ́ Tí Rédíò Àwọn Híńdù Gba Ẹnu Mi Sọ̀rọ̀

Òórùn tùràrí méjì ló máa ń pàdé wa lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì láàárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi. Ọ̀kan ń jáde láti ọ̀dọ̀ wa, èkejì láti yàrá tó fara ti tiwa, níbi tí àwọn ẹlẹ́sìn Híńdù ti ní iléeṣẹ́ rédíò kékeré kan. Orin ìyìn àti àdúrà wọn nìkan ni rédíò náà ń gbé jáde láti àárọ̀ dalẹ́. Nathan Way ni ibẹ̀, nílùú Ọba, láàárín àwọn tó ń tún mọ́tò ṣe àti àwọn tó ń ta táìlì. Bí òórùn ọ̀dà mọ́tò bá tún wá dà pọ̀ mọ́ tùràrí méjèèjì, inú mi á kàn máa dùn láìnídìí.

Thamesmead ni èmi àti Mummy ń gbé nígbà náà. Àwọn arúgbó ni Mummy ń tọ́jú. Bó bá ti ibi iṣẹ́ òru dé, á wẹ̀, á wọ sùtánà, á sì fà mí lọ́wọ́ lọ wọ bọ́ọ̀sì. Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, èmi ni wọ́n yàn láti dá orin kọ níbi ìkórè àwọn ọmọdé. Mummy kọ́ mi lórin náà ní kíṣìnnì, nínú bọ́ọ̀sì, kódà nígbà tí mo bá ń wẹ̀. "La ẹnu ẹ dáadáa jàre," ló máa ń wí. "Ṣé o fẹ́ kí Ọlọ́run máa na etí kó tó gbọ́ ẹ ni?"

Ọjọ́ pé. Mo dúró níwájú gbogbo ìjọ nínú aṣọ funfun tí sítáàṣì ti mú kó le gbagidi. Brother Kúnlé, tó ń bójú tó àwọn ẹ̀rọ wa, gbé máìkì fún mi. Mo la ẹnu, mo sì là á dáadáa. Kí n tó mú ohùn jáde, ohùn obìnrin kan bú jáde látinú spíkà: "Namaste! Namaste!" Ló bá ń sọ èdè kan lọ wìrìwìrì tí ẹnikẹ́ni nínú wa ò gbọ́.

Ṣọ́ọ̀ṣì dàrú. "Halleluyah! Ẹ̀mí ti bà lé ọmọ náà!" Àwọn ìyá wólẹ̀. Wòlíì gbé agogo, ó ń lù ú yí mi ká. Mummy ń fò sókè, ó ń sunkún ayọ̀, fìlà rẹ̀ ti bọ́ sílẹ̀. Mo pa ẹnu dé, ohùn náà ò dákẹ́. Mo fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹnu, ó tún ń sọ̀rọ̀ lọ.

"Mummy, it's not me!" ni mo pariwo. "Kì í ṣe èmi o!"

Bí mo ṣe wí bẹ́ẹ̀ ni orin bẹ̀rẹ̀ nínú spíkà, orin tó dùn débi pé àwọn ìyá kan ti ń jó kí wọ́n tó rántí pé ó yẹ kí ẹ̀rù bà wọ́n. Brother Kúnlé ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. "Daddy," ó wí fún Wòlíì, "wáyà wa ló ń gbé rédíò àwọn ará Íńdíà tó wà lẹ́yìn ògiri."

Inú bí Wòlíì. Ó ti pẹ́ tó ti ń wí pé òun máa fẹjọ́ wọn sun onílé, kí wọ́n lé wọn kúrò níbẹ̀. Ó fà mí lọ́wọ́, ó ní èmi tí wọ́n gba orin mọ́ lẹ́nu ló máa jẹ́ ẹlẹ́rìí. A jáde láìwọ bàtà, tàwa tagogo.

Ìyá àgbà kan tó wọ sárì aláwọ̀ ọsàn ló ṣílẹ̀kùn. Auntie Mínà lorúkọ rẹ̀, òun ló ń sọ̀rọ̀ lórí rédíò náà. Òun náà ò wọ bàtà. Ó wo ẹsẹ̀ Wòlíì, ó wo tirẹ̀, ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó fi Gẹ̀ẹ́sì ṣàlàyé pé àwọn arúgbó tí ò lè jáde nílé mọ́ ló ń gbọ́ rédíò àwọn, àti pé gbogbo ọjọ́ Ìsinmi ni wọ́n ń pè láti bèèrè ẹni tó ń pariwo "Halleluyah" láàárín àdúrà wọn. "Mo máa ń sọ fún wọn pé aládùúgbò wa ni, pé wọ́n fẹ́ràn Ọlọ́run gan-an ni," ó wí.

Ìjà ni Wòlíì múra wá jà. Ẹ̀rín ló bọ́ sí i lẹ́nu.

Auntie Mínà yíjú sí mi. "Kí lo fẹ́ kọ tẹ́lẹ̀, darling?" Mo ní orin ọpẹ́ ni. Ó wo Wòlíì, Wòlíì mi orí pé kò burú. Ló bá gbé mi jókòó síwájú máìkì tirẹ̀, iná pupa kan tàn, mo sì fi Yorùbá kọrin sí gbogbo àwọn arúgbó Híńdù tó ń gbọ́.

Brother Kúnlé ò sì tíì yọ wáyà. Ohùn mi bú jáde nínú spíkà ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì gbọ́ igbe Mummy láti ẹ̀yìn ògiri: "Ọmọ mi ni! Ọmọ mi nìyẹn!" Gbogbo ìjọ gbe orin náà. Ògiri ń mì, Auntie Mínà ń pàtẹ́wọ́, ara mi ń gbọ̀n fún ẹ̀rín, síbẹ̀ mo kọ ọ́ parí.

Lọ́jọ́ kejì, ọkọ Auntie Mínà àti Brother Kúnlé jọ pààrọ̀ wáyà náà. Wòlíì ò dárúkọ onílé mọ́. Bí Dìwálì, ọdún àwọn Híńdù, bá dé, súwíìtì wọn á kún orí tábìlì wa ní ṣọ́ọ̀ṣì, Wòlíì á sì kọ́kọ́ mú tirẹ̀.

Kóòtù tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n Belmarsh ni mo ti ń ṣiṣẹ́ báyìí. Bí wọ́n bá ní kí n sọ̀rọ̀ ní mítìn-ìn, màá rò ó, màá tún un rò, ẹlòmíràn á sì ti sọ ọ́. Mo ga ju ọmọ tí mo jẹ́ lọ́jọ́ náà lọ, mo kàwé jù ú lọ, mo tiẹ̀ mọ orin náà jù ú lọ. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ní kí ọ̀kan nínú àwa méjèèjì bọ́ síwájú èrò lónìí, òun ni màá bẹ̀ pé kó bá mi lọ.