Ilẹ̀ Gbiná Tí A Yà Sínú Àpò Sìmẹ́ǹtì

Wọ́n ní ẹni tó bá da omi síwájú ni yóò tẹ ilẹ̀ tútù. Ẹni tó pa òwe yẹn kò tíì gbé Lokoja rí nínú oṣù kẹta. Níbí, kí ẹsẹ̀ rẹ tó dé ibi tí o da omi sí, ilẹ̀ ti fà á mu tán. Odò ńlá méjì ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa, síbẹ̀ òógùn la fi ń wẹ̀.

Ooru yìí ló kó èmi àti ọmọbìnrin mi, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, sínú iṣẹ́ ilẹ̀ dídá. Lọ́sàn-án Sátidé kan tí kò sí iná mànàmáná, tí fáànù dúró sókè tó ń wò wá níran, a tú àpò sìmẹ́ǹtì kan tí àwọn tó ń kọ́lé lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa ní Felele jù nù, a tẹ́ inú rẹ̀ sílẹ̀. A ya ilẹ̀ kan tó tóbi tó Áfíríkà sí i. Ọmọ mi sọ ọ́ ní Gbiná. Odò iná méjì pàdé níbẹ̀, ọ̀kan pupa, ọ̀kan yẹ́lò. Wọ́n á máa ṣàn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn fúngbà díẹ̀ kí wọ́n tó dà pọ̀, bíi tiwa. Tí ará Gbiná bá fẹ́ jẹ iṣu sísun, á gbé iṣu sẹ́nu ọ̀nà, á lọ wá bàtà rẹ̀; kó tó padà, ó ti jinná. Eérú ni òjò wọn, agboòrùn onípáànù ni wọ́n sì ń lò. Èyí tí mo fi ń yangàn jù ni pé gbogbo ilé ló ní iná tirẹ̀ lójúlé. Kò sẹ́ni tó ń tọrọ ìṣáná lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

Ìyá mi wà lọ́dọ̀ wa nígbà náà. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣiṣẹ́ abẹ fún un lójú, dókítà sì ní kò gbọdọ̀ súnmọ́ èéfín fún oṣù kan. Èmi ti pinnu nínú ara mi pé kò ní padà sábúlé mọ́ láé. Mo ti tún yàrá ṣe fún un, mo ti ra bẹ́ẹ̀dì. Òun ní tirẹ̀, ojoojúmọ́ ló ń béèrè ìgbà tóun máa lọ. Láàárọ̀, á jókòó sẹ́nu géètì, á máa kí gbogbo ẹni tó ń kọjá bí àwa ará Ìjùmú ṣe ń kíni: "Okun o!" Ọlọ́kadà á fọn fèrè, aládùúgbò á gbé gíláàsì mọ́tò sókè. Ó ní wọn kì í jẹ́ kóun kí wọn tán.

Ọmọ mi gbé Gbiná lọ bá a, ó ń ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún un nítorí ojú rẹ̀ kò tíì ríran dáadáa. Ọ̀rọ̀ iṣu pa ìyá mi lẹ́rìn-ín. Nígbà tí wọ́n dé orí iná ojúlé, ó gbórí sókè.

"Gbogbo ilé ló ní iná?"

"Gbogbo ilé, Màmá àgbà. Kì í kú rárá."

"Ta ló wá ń lọ sílé ta?"

 Ó ní nígbà tóun wà lọ́mọge, tí iná ilé èèyàn bá kú mọ́jú, àpáàdì lèèyàn á mú lọ sílé kejì láti lọ mú ẹ̀yinná. Ibẹ̀ lèèyàn ti ń gbọ́ pé ará ibí kò sùn, pé tọ̀hún ti bímọ. Èèyàn kì í pẹ́, torí kí ẹ̀yinná má baà kú, ṣùgbọ́n ojú á ti rí ojú.

"Àwọn ará Gbiná yín yìí," ó ní, "ẹnìkan lè kú nínú wọn, kó tó ọjọ́ mẹ́ta kí wọ́n tó mọ̀."

Inú bí mi. Mo ní, "Màmá, eré ọmọdé ni o." Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ilé mi ló ń bá wí. Gáàsì mi ń jó, géètì mi wà ní títì, n kò sì mọ orúkọ ìyàwó ilé kejì.

Ọmọ mi kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Ó tutọ́ sí ìka, ó fi pa iná ilé kékeré kan rẹ́ lórí òkè.

"Ilé yìí kò níná mọ́. Àràárọ̀ ni wọ́n á máa gbé iná wá síbẹ̀."

"Ta ló ń gbébẹ̀?"

"Ẹ̀yin ni, Màmá àgbà."

Nígbà tí oṣù pé, dókítà ní ojú ti dáa. Mo bẹ ìyá mi títí pé kó má lọ. "Ilé ni àbọ̀ ìsinmi oko," ló fi dá mi lóhùn, ó sì ká Gbiná sínú ẹrù rẹ̀. Ó dùn mí gan-an. Mo sunkún nínú kíṣìnì bí ọmọ tí wọ́n já lẹ́nu ọmú.

Kí n sọ òótọ́, irú àbẹ̀wò tí mo ń ṣe sábúlé tẹ́lẹ̀ kò ṣeé fi yangàn. Mà á já tòmátò àti búrẹ́dì sílẹ̀, mà á wo aago, ó parí. Ìgbà kan wà tí n kò pa mọ́tò rárá. Ìyá mi á bi mí bí wọ́n ṣe ń bi àlejò tí kò fẹ́ jókòó pé, "Ṣé iná lo wá mú ni?" Mà á rẹ́rìn-ín, mà á sì lọ.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ kan, nígbà tí ọmọ mi gba ọlidé, a lọ. Mo pa mọ́tò. Ìyá mi dúró sẹ́nu ọ̀nà, Gbiná wà lára ògiri lẹ́yìn rẹ̀.

"Ẹ̀yin wọ̀nyí, ṣé iná lẹ wá mú ni?"

Kí n tó lanu, ọmọ mi ti dáhùn. "Rárá o, Màmá àgbà. A gbé e wá ni."

Ìyá mi wò wá, ó wo báàgì aṣọ tó wà lọ́wọ́ mi, ó tún wò wá. Ó ní ká bọ́ bàtà. Lẹ́yìn náà ó wọlé lọ gbé ìkòkò ńlá jáde, èyí tí kò se oúnjẹ nínú rẹ̀ mọ́ láti ìgbà tí bàbá mi ti kú, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fọ̀ ọ́.