Gàrí Kọ́ Ló Wà Nínú Igbá Bàbá Àgbà

Díẹ̀ ló kù kí Tasí fa ìwé mi ya lónìí!

Tasí ni ẹ̀gbọ́n bàbá mi obìnrin. Mo gbé ìwé aláwòrán tí mo ṣe fún àwọn ọmọ ilé wa lọ fi hàn án ní Akparé, ìlú tí ìdílé wa kó lọ. Ìtàn bí ìdílé wa ṣe kó kúrò lábúlé nígbà tí wọ́n dí odò ní Nangbéto, tí omi bo abúlé náà ni.

Ó ń rẹ́rìn-ín, àfi ìgbà tí mo ṣí ibi tí bàbá àgbà ti jókòó nínú kámíọ̀, ọkọ̀ ńlá tó kó wọn lọ, tó gbé igbá lé itan.

"Kí ló wà nínú igbá yẹn?"

"Gàrí ni, Tasí. Oúnjẹ ọ̀nà."

Ojú ẹ̀ le. Ó já ìwé gbà lọ́wọ́ mi.

"Ta ló sọ fún ọ? Inú yàrá la sin ìyá tó bí bàbá mi sí. Nígbà tí omi ń bọ̀, bàbá mi bu erùpẹ̀ ojú oórì ẹ̀ sínú igbá yẹn. Kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni bá òun gbé e. O wá ní gàrí ni! Ó yá, bomi sí i kó o mu ún!"

Ó fà mí lọ́wọ́ dé ẹnu ọ̀nà yàrá ẹ̀.

"Ibí ló da erùpẹ̀ náà sí nígbà tá a dé. Bọ́ bàtà ẹ."

Lọ́la ni atẹ̀wé fẹ́ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Mo ti ní kó dúró.

Ẹ̀yin tí omi gba abúlé yín, kí làwọn àgbà yín gbé jáde? Ẹ bi wọ́n kẹ́ ẹ tó dá mi lóhùn o.