Àwọn Ilẹ̀kùn Tí Lafaele Kùn Ní Ọ̀dà Búlúù

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má bínú sí ìkọ̀wé mi. Ọwọ́ mi kò yá, ọ̀rọ̀ sì máa ń pẹ́ kí ó tó dé ẹnu mi, ká má tíì sọ ti orí ìwé. Ilé ẹ̀kọ́ tí mo lọ ní abúlé wa ní erékùṣù Savai'i kò pọ̀; ìgbà tí ìyá mi ṣàìsàn ni mo fi í sílẹ̀. Ẹni tí yóò bá mi tẹ èyí sínú ìwé ìròyìn ìjọ wa ní ìlú Logan níbí, lókè òkun, mo bẹ̀ ọ́, ibi tí mo bá ti ṣì í kọ, bá mi tún un ṣe, ṣùgbọ́n má yọ orúkọ ẹnikẹ́ni kúrò níbẹ̀.

Bàbá ọkọ mi ti kú. Lafaele ni orúkọ wọn. Ẹ mọ̀ wọ́n: àwọn ni wọ́n máa ń jókòó sẹ́yìn akọrin, tí wọn á sùn bí ìwàásù bá ti bẹ̀rẹ̀, tí wọn á sì jí gẹ́lẹ́ láti ṣe àmín. Ilé ìpẹran ni wọ́n kú sí, ní àárọ̀ ọjọ́ Túsìdeè, lórí bẹ́ǹṣì tí àwọn òṣìṣẹ́ ti ń pààrọ̀ bàtà. Wọ́n ti bọ́ ọ̀kan, èkejì ṣì wà lẹ́sẹ̀ wọn. Àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ rò pé wọ́n ń sinmi ni. Wọ́n ní kí ẹnikẹ́ni má dí wọn lọ́wọ́. Ẹni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rin ni wọ́n. Kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, ẹlòmíràn ti ń lo ọ̀bẹ wọn.

N kò tíì sunkún. N kò mọ ìdí rẹ̀. Gbogbo ara mi dà bí ẹsẹ̀ tí èèyàn jókòó lé títí tí ó fi kú. Mo ń fọ abọ́, mo ń ká aṣọ, bí wọ́n bá pè mí mo ń jẹ́. Oṣù mẹ́rin ni mo fi jẹ́ ìyàwó ilé yìí kí èyí tó ṣẹlẹ̀.

Ọjọ́ kejì ikú wọn, fóònù dún. Màmá Matalena, ìyá ọkọ mi, ni wọ́n gbé e. Ohùn ọmọbìnrin kan ń jáde ketekete.

"Ẹ káàárọ̀, mà. Láti báńkì ni. Lafaele ni mo fẹ́ bá sọ̀rọ̀."

"Lafaele ti kú lánàá."

"Áà, ẹ kú ọ̀fọ̀ o, mà. Ṣé wọ́n á wà nílé lọ́sàn-án?"

Màmá wo fóònù náà bí ẹni ń wo ẹja tó ti bàjẹ́. "Rárá. Wọn ò ní sí nílé lọ́sàn-án."

"Torí ẹni tó ni àkáǹtì nìkan la lè bá sọ̀rọ̀, mà. Ẹ bá mi sọ fún wọn kí wọ́n pè wá."

"Tí mo bá rí wọn, màá sọ fún wọn."

Wọ́n gbé fóònù sílẹ̀, wọ́n sì padà sídìí kókò tí wọ́n ń bó. Ẹ̀yin ará báńkì, bí ẹ bá ń ka èyí, ẹ dá mi lóhùn: ọkùnrin tó san owó ilé fún yín ní ọdún méjìlélógún láìyẹ ọjọ́ kan, ṣé bí ẹ ṣe ń kí i pé ó dìgbà nìyẹn?

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí mo ṣe mọ̀ wọ́n. Ọjọ́ tí Setu ọkọ mi mú mi wọlé yìí, ojú ń tì mí débi pé n kò lè gbé orí sókè. Ilẹ̀ nìkan ni mo ń wò. Bàbá ní, "Moelagi, ìyàwó wa, má wo ilẹ̀. Ilẹ̀kùn ni kí o wò." Wọ́n wá mú mi yí ká ilé. Ilẹ̀kùn ẹnu ọ̀nà, búlúù. Ilẹ̀kùn yàrá àwọn àti Màmá, búlúù. Ilẹ̀kùn ilé ìwẹ̀, búlúù. Wọ́n ní ìgbàkígbà tí àwọn bá rò ó pé owó tí àwọn ti san fún báńkì tó iye yàrá kan, àwọn á ra ọ̀dà, àwọn á kun ilẹ̀kùn rẹ̀. Nígbà tí a dé ẹnu yàrá tí èmi àti Setu ń sùn báyìí, ọ̀dà náà ṣì ń rùn.

"Èyí ti di tiwa," ni Bàbá wí. "Ẹ sùn dáadáa. Báńkì ò lè kan ilẹ̀kùn yìí mọ́. Ilé ìdáná nìkan ló kù tó jẹ́ tiwọn."

Màmá pariwo láti inú ilé ìdáná pé, "Kí báńkì yáa wá fọ ìkòkò wọn nígbà náà!"

Ẹ̀rín tí mo rín lọ́jọ́ náà ni ó mú ìtìjú kúrò lójú mi nínú ilé yìí.

A sin Bàbá bí ó ti yẹ. Àwọn ará gbé ẹní iyì wá, àwọn tí ìyá àgbà fi oṣù àti ọdún hun. Agbẹnusọ dúró pẹ̀lú ọ̀pá rẹ̀ ní àárín pápá, ó ń pariwo ohun tí ẹnì kọ̀ọ̀kan gbé wá: ẹní mélòó, owó èló, páálí ẹran agolo mélòó, láti ìdílé ta ni. Kò sí ìkọ̀kọ̀. Ẹni tó mú kékeré wá gbọ́ orúkọ ara rẹ̀, ẹni tó mú ńlá wá gbọ́ tirẹ̀. Mo tẹ́tí sílẹ̀ títí dé ìparí. Orúkọ ẹni tó jẹ jù lọ nínú iṣẹ́ ọwọ́ Bàbá kò jáde. Báńkì kò wá. Báńkì kò rán ẹnì kan. Ìdí òdòdó kan kò tọ̀dọ̀ wọn wá.

Uelese wá ní tirẹ̀. Díákónì wa ni, òun kan náà sì ni alárinà tó máa ń bá àwọn èèyàn wa gba ẹ̀yáwó ilé. Ó gbàdúrà gígùn, ó jẹun, a sì fún un ní ẹní iyì kan gẹ́gẹ́ bí a ti ń ṣe fún díákónì. Ó ká a sábẹ́ apá lọ sínú ọkọ̀ rẹ̀. Ẹ fi ẹní yẹn sọ́kàn.

Lẹ́yìn ìsìnkú, èmi, Setu àti Màmá lọ sí báńkì. Obìnrin tó dá wa lóhùn kì í ṣe èèyàn burúkú. Ó fún wa ní omi. Ó yí kọ̀ǹpútà rẹ̀ sí wa, ó sì sọ ọ́ jẹ́jẹ́ pé gbèsè tó wà lórí ilé náà ju iye tí Bàbá rà á lọ.

Setu ní, "Ọdún méjìlélógún ni wọ́n fi san án."

"Bẹ́ẹ̀ ni, wọn ò sì pẹ́ san rí. Oníbàárà rere ni wọ́n."

Màmá bi í pé, "Ilẹ̀kùn wo ni wọ́n wá san tán?"

Obìnrin náà wo Setu, ó wo èmi. Kò yé e. Màmá tún un bi. Èmi ni mo dáhùn níkẹyìn, nítorí pé kò sẹ́ni tó fẹ́ sọ ọ́: "Kò sí ìkankan, Màmá."

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìyí, ẹ sì jọ̀wọ́, ẹ kà á pẹ̀lẹ́, nítorí ó lè jẹ́ ilé yín náà. Ọgbọ̀n ọdún ni wọ́n pín owó náà sí nígbà tí Bàbá ra ilé. Nígbà tó yá, bàbá tiwọn kú ní Savai'i. Ẹ mọ ohun tí ìsìnkú ń gbà lọ́wọ́ àkọ́bí tó wà lókè òkun. Uelese wá mu tíì. Ó ní, "Lafaele, kí lo ń wá owó kiri sí? Owó wà nínú ilé rẹ. Báńkì á fún ọ sí i, wọ́n á kàn tún ọdún náà bẹ̀rẹ̀ ni. Ohun tí wọ́n ń yọ lọ́sẹ̀ méjì méjì, o ò ní mọ̀ pé ó yí padà."

Lóòótọ́, Bàbá kò mọ̀ pé ó yí padà. Nígbà tí àbúrò wọn kú, wọ́n tún ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tí ìyá wọn kú, wọ́n tún ṣe bẹ́ẹ̀, Uelese sì tún mu tíì. Irọ́ kankan kò sí nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀. Òpin ọ̀rọ̀ nìkan ni kò sọ. Obìnrin báńkì ní bí ẹ̀yáwó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, èlé ni ó ń jẹ èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tí èèyàn ń san. Ìgbà tó bá pẹ́ ni ìdí owó, èyí tí èèyàn yá gan-an, tó ń dín kù. Bàbá kò pẹ́ níbẹ̀ rí. Ìbẹ̀rẹ̀ ni wọ́n máa ń wà nígbà gbogbo. Ìwọ̀fà ni a ń pe ẹni tó ń fi iṣẹ́ rẹ̀ san èlé tí ìdí owó sì wà níbẹ̀ digbí. Bàbá ṣe ìwọ̀fà nínú ilé tí wọ́n ń pè ní tiwọn. Mo bi obìnrin náà pé ìgbà wo ni ẹ̀yáwó tó kẹ́yìn yìí ì bá parí. Ó ní nígbà tí Bàbá bá di ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rùn-ún. Ta ni yóò máa gé ẹran ní ọjọ́ orí yẹn? Ẹni tó kọ ọdún yẹn sílẹ̀, ṣé kò rí irun funfun ni?

Ẹlòmíràn á ní, "Kí ló dé tí kò béèrè?" Ó tọ́. Ṣùgbọ́n èwo nínú yín ni ó ń bi díákónì ní ìbéèrè owó nígbà tí ife tíì wà lọ́wọ́ rẹ̀? Nínú àṣà tiwa, ohun tí o bá gbé lọ síbi òkú ń padà wá. Ẹní lọ, ẹní bọ̀. Bàbá rò pé bẹ́ẹ̀ náà ni ilé ṣe ń ṣe, pé ohun tí àwọn mú nínú rẹ̀ fún òkú, yóò máa padà wá díẹ̀díẹ̀. Wọ́n rò pé báńkì mọ àṣà. Uelese mọ àṣà. Uelese mọ báńkì pẹ̀lú. Gbogbo ìgbà tí ẹ̀yáwó bá tún bẹ̀rẹ̀ ni alárinà ń gba owó ọ̀yà tirẹ̀. Obìnrin báńkì sọ ọ́ bí ẹni ń sọ pé òjò á rọ̀. A kì í bá ni tan, ká fa ni nítan ya.

Ọjọ́ Sunday tó kọjá, ó tún dé. Èmi ni mo gbé tíì fún un.

"Ìyàwó tuntun, tíì rẹ mà dùn ju ti ìyá ọkọ rẹ lọ o!"

Màmá ní, "Ṣúgà lẹ ń tọ́ wò yẹn, Díákónì. Tíì ò tíì kàn yín lẹ́nu."

Ó rẹ́rìn-ín. Ó wá yọ bírò, ó gbé e fún Setu. Ó ní kí èmi àti Setu gba ẹ̀yáwó náà sí orúkọ wa, nítorí pé bí a kò bá gbà á, báńkì yóò ta ilé náà mọ́ Màmá lórí. "Ọgbọ̀n ọdún péré. Ẹ ṣì kéré! Ohun tí ẹ óò máa san á tún kéré sí ti olóògbé."

Setu ń wo ojú ìyá rẹ̀. Mo mọ̀ pé yóò fọwọ́ sí i. Ni mo bá ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà. Tó bá parí, èló ni gbogbo ẹ̀ máa jẹ́?"

"Háà, ìyàwó tuntun! Ṣé ọjọ́ tí wọ́n bímọ ni wọ́n ń ṣírò owó pósí?"

Setu rẹ́rìn-ín díẹ̀. Màmá kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, "Bí Lafaele náà ṣe rẹ́rìn-ín nìyẹn." Setu gbé bírò náà sílẹ̀. Uelese ní òun á padà wá lọ́jọ́ Sátidé, nígbà tí ara wa bá ti balẹ̀.

Òní ni Sátidé.

Nítorí náà, ohun tí mo ń béèrè nìyí, mo sì ń béèrè rẹ̀ lójú gbogbo ìjọ. Báńkì, ẹ rán ẹnì kan tó ní ojú àti orúkọ wá, kó wá sọ fún opó yìí ìdí tí ẹ fi kọ ọjọ́ orí ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rùn-ún mọ́ ẹni tó ń gbé ẹran tútù sí èjìká. Ẹ̀yin alàgbà ìjọ, ẹ pàṣẹ pé bí a ti ń pariwo ẹní níbi òkú, bẹ́ẹ̀ ni kí alárinà máa pariwo ẹ̀yáwó lójú gbogbo ìdílé: ohun tí wọ́n gbà, ohun tí wọn yóò san títí dé òpin, ọdún tí yóò parí, àti iye tó ń wọ àpò òun fúnra rẹ̀.

Díákónì Uelese, ẹ mọ ohun tí à ń ṣe nílé bí èèyàn bá ṣẹ ìdílé kan débi ikú. Yóò wá ní òwúrọ̀, yóò jókòó sórí ilẹ̀ níwájú ilé wọn, yóò fi ẹní iyì bo orí rẹ̀, yóò sì dákẹ́ títí àwọn onílé yóò fi jáde wá ṣí i. Ifoga ni à ń pe ìtọrọ àforíjì yìí. Ẹní kò wọ́n yín. A fún yín ní ọ̀kan níbi òkú Bàbá. Ẹ gbé e bora.

N kò fẹ́ kí a pàdánù ilé yìí. Obìnrin báńkì ní a lè gbà á fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, kí a máa san jù bẹ́ẹ̀ lọ lọ́sẹ̀ méjì méjì. Yóò le. Ṣùgbọ́n mo ti rí iṣẹ́ ìfọṣọ ní ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó, ìbátan Setu sì fẹ́ máa gbé inú gáréèjì wa. Agolo ọ̀dà Bàbá ṣì wà lábẹ́ síńkì. Mo ṣí i wò láàárọ̀ yìí. Ojú rẹ̀ ti dì díẹ̀, ṣùgbọ́n ìsàlẹ̀ rẹ̀ ṣì tutù, ó sì tó ilẹ̀kùn kan, bóyá—

"Moelagi! Moelagi o!"

Màmá ni yẹn. Wọ́n ní ọkọ̀ Uelese ti dúró síwájú ilé. Setu ti dìde. Láti ojú fèrèsé yìí, n kò rí ọwọ́ Uelese dáadáa. Bó bá jẹ́ ẹní ni ó gbé wá, èmi gan-an ni màá kọ́kọ́ jáde lọ ṣí i lórí rẹ̀. Bó bá jẹ́ báàgì ìwé ẹ̀yáwó ni, màá gbé àga síta, màá pe ọ̀tún, màá pe òsì, màá ní kí ó dìde dúró bí agbẹnusọ, kí ó pariwo ẹ̀yáwó náà sókè, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé—