Idà Tí Mo Gbé Wọ Bọ́ọ̀sì ní Yarnton Way

Ọlọ́run tó mú mi kọjá òkun, tó fún mi níṣẹ́ ní ìlú tí n kò ti ní bàbá, tí n kò ní ìyá, ìwọ ni mo kọ́kọ́ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ kí n tó sọ ohunkóhun. Kì í ṣe gbogbo ẹni tí irú ọ̀rọ̀ yìí bá ló ń jókòó sínú ilé ara rẹ̀ láti ròyìn rẹ̀.

Iṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó ni mo bá wá sí London. Orí iṣẹ́ náà ni físà mi dúró lé. Bí iṣẹ́ bá bọ́, físà bọ́ nìyẹn, ọkọ mi àti àwọn ọmọ wa tó bá mi wá náà yóò sì di ẹrù wọn. Mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ ọ́n, nítorí òun ló ń gbọ̀n nínú mi lọ́jọ́ tí mò ń wí yìí.

Ọ̀kan nínú àwọn tí mò ń tọ́jú ni bàbá òyìnbó kan ní Belvedere. Yàrá ìgbàlejò rẹ̀ kún fún ohun ìjà ogun. Òun fúnra rẹ̀ ló fọwọ́ ṣe wọ́n nígbà tó ṣì lágbára, ní àwòṣe irú èyí tí àwọn jagunjagun ilẹ̀ Yúróòpù wọ̀ láyé àtijọ́ nígbà tí wọ́n lọ bá àwọn Mùsùlùmí jà nítorí Jerúsálẹ́mù. Lọ́jọ́ ìsinmi, òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ a wọ̀ wọ́n lọ sí pápá, wọn a máa ṣeré ogun. Ẹ̀wù kan wà níbẹ̀ tó jẹ́ kìkì òrùka irin wẹ́wẹ́ tí wọ́n so kọ́ra. Idà gígùn kan àti asà wà lára ògiri. Àmọ́ àṣíborí ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ó rí bíi korobá tí wọ́n dojú rẹ̀ dé. Kò ní imú, kò ní ẹnu, àlàfo tín-ín-rín kan ṣoṣo ló wà níbi tí ojú yẹ kó wà. Bí mo bá ń bọ́ bàbá, á máa ṣe mí bíi pé ẹnìkan wà nínú rẹ̀ tó ń wò mí. N kò nu eruku ara rẹ̀ rí láìkọ́kọ́ gbàdúrà sínú.

Bàbá kíyè sí i, ó rẹ́rìn-ín. "Kò sẹ́nìkan níbẹ̀ yẹn. Ẹni tó bá wọ̀ ọ́ gan-an lẹ̀rù ń bà. Kò ríran sẹ́gbẹ̀ẹ́, kò gbọ́ ohun táwọn èèyàn ń sọ. Èémí ara rẹ̀ nìkan ló ń gbọ́."

Nígbà tó sọ bí wọ́n ṣe fi irú idà bẹ́ẹ̀ pa èèyàn ní Jerúsálẹ́mù, bàbá tó bí ìyá mi ni mo rántí. Alájì ni. Síbẹ̀ òun ló máa ń fà mí lọ́wọ́ lọ sí ilé ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi ní ṣọ́ọ̀ṣì, níbi tí mo ti kọ́ ìwé kíkà, á sì dúró lábẹ́ igi níta títí a ó fi parí. Mo wo àgbélébùú tí wọ́n kùn sára asà bàbá, mo wo idà náà.

Ilé ìkẹ́rùsí kan ní Thamesmead West ni ṣọ́ọ̀ṣì wa ń lò. Pásítọ̀ kéde pé lọ́jọ́ àwọn ọkùnrin, òun yóò wàásù lórí ìhámọ́ra Ọlọ́run. Mọ́mì kan tó ń darí eré ìtàgé ṣọ́ọ̀ṣì wa ní kí a wọ olórí àwọn aṣọ́nà ṣọ́ọ̀ṣì láṣọ ogun. Páálí la máa ń gé fún irú rẹ̀. Ni mo bá la ẹnu pé bàbá tí mò ń tọ́jú ní ojúlówó.

"Ojúlówó!" Mọ́mì pariwo. "Sìstá, o mọ ibi tójúlówó wà, o wá ń wò wá, à ń gé páálí ìndómì! Lọ bá wa yá a, jàre."

Bàbá gbà tayọ̀tayọ̀. Ó ti pẹ́ tí ẹnikẹ́ni ti béèrè wọn. Mo kó ẹ̀wù irin àti àṣíborí sínú trọ́lì tí mo fi ń ra ọjà, ó wúwo bí òkúta. Idà kò wọ inú rẹ̀. Mo fi ìró ankara wé e, mo há a sí abíyá bí agboòrùn. Lọ́dọ̀ wa, bàbá àgbẹ̀ á gbé àdá kọ́ èjìká, á kí ọlọ́pàá, ọlọ́pàá á sì bi í pé oko ńkọ́. Kò wá sí mi lọ́kàn pé ohun tó wà ní abíyá mi yàtọ̀.

Lọ́jọ́ ìwàásù náà, mo wọ bọ́ọ̀sì lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Ní Yarnton Way, dírẹ́bà tẹ bíréèkì lójijì. Ìró tú, idà jábọ́ sáàárín ọkọ̀, ó dún gooro.

"Idà! Idà ló gbé!" Obìnrin ẹ̀yìn mi ló figbe ta bẹ́ẹ̀.

Dírẹ́bà ṣílẹ̀kùn, gbogbo èrò dà jáde. Ó ku èmi nìkan. Ní ìlú tí ọ̀bẹ ti ń pa ọmọ ọlọ́mọ, tí àwa ìyá ń yẹ báàgì ọmọ wa wò kí wọ́n tó jáde, èmi ni mo jókòó ti idà.

Ọlọ́pàá méjì dé, ọ̀gá kan tó jẹ́ ọkùnrin, àti obìnrin kan tó kéré sí i.

"Ọwọ́ yín, kí n rí i. Ẹ má fọwọ́ kàn án." Ọ̀gá ló sọ̀rọ̀. "Kí lẹ fẹ́ fi ṣe?"

"A fẹ́ fi wàásù ni, sà."

Obìnrin yẹn ṣí trọ́lì, ó rí àṣíborí, ẹ̀rín fẹ́ẹ́ sá jáde lẹ́nu rẹ̀. Ọ̀gá rẹ̀ wò ó, ó pa ẹnu dé.

"Ta ló ni wọ́n?"

Mo sọ fún un. Ó ní òun yóò pe bàbá. Ìgbà yẹn ni ẹ̀rù tòótọ́ bà mí, nítorí àrùn ìgbàgbé wà lára bàbá. Lọ́jọ́ mìíràn, á máa fi orúkọ àbúrò rẹ̀ tó ti kú pè mí. Lọ́jọ́ mìíràn, á bi mí pé ta ló ṣílẹ̀kùn fún mi. Bí ó bá jẹ́ pé irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ nìyí, olè ni mo dà yẹn, olè tó jí ẹrù arúgbó tí wọ́n fi sí i lọ́wọ́.

Fóònù dún títí. Ọ̀gá ṣe é kí gbogbo wa lè gbọ́.

"Idà kẹ̀?" Bàbá ní. "N kò yá ẹnikẹ́ni ní idà."

Mo di irin ìjókòó mú. "Jésù," ni mo ń wí, kò sí ọ̀rọ̀ mìíràn lẹ́nu mi.

"Obìnrin kan ló wà níbí," ni ọlọ́pàá sọ. "Ó ní òun ló ń tọ́jú yín. Ẹ̀wù irin wà lọ́wọ́ rẹ̀."

Bàbá ní, "Ẹ̀wù olówùú tí wọ́n ń wọ̀ sábẹ́ rẹ̀ ńkọ́?"

Ọlọ́pàá wò mí. Mo mi orí. Mo ti rí nǹkan náà lórí àga, mo rò pé tìmùtìmù àtijọ́ ni.

"Kò sí lọ́wọ́ rẹ̀."

"Mo sọ fún un!" Bàbá ń jágbe wàyí. "Mo ní kó mú un! Ẹ̀wù irin kì í jẹ́ kí idà géni, àmọ́ bí wọ́n bá fi igi lásán lu ẹni tí kò wọ olówùú sábẹ́, egungun rẹ̀ á fọ́. Ẹ ní kó padà wá mú un! Kó sì fi òróró pa idà mi kó tó dá a padà!"

Obìnrin ọlọ́pàá fi ìka ra ẹnu idà náà, ó ní kò mú rárá. Wọn kò mú mi. Wọ́n ní àwọn yóò dá idà padà fún bàbá fúnra àwọn, àmọ́ wọ́n ní dandan ni kí ibi iṣẹ́ mi gbọ́.

"Idà dà?" ni Mọ́mì fi kí mi ní ṣọ́ọ̀ṣì.

"Ọlọ́pàá gbà á."

"Ẹ̀jẹ̀ Jésù!"

Wọ́n wọ ìyókù fún olórí àwọn aṣọ́nà. Bí àṣíborí ṣe bo orí rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í táràrà: "Ẹ bá mi ṣí i! Mi ò rí yín o!" Gbogbo ṣọ́ọ̀ṣì rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rín. N kò gbọ́ ìwàásù, fóònù mi ni mò ń wò.

Ní ọjọ́ Ajé, máníjà pè. Ó ní olùtọ́jú kì í mú nǹkankan kúrò nílé ẹni tó ń tọ́jú, ìbáà ṣe ṣíbí, ìbáà jẹ́ pé tọwọ́ tẹsẹ̀ ni ẹni náà fi gbé e fún un. Ó ní ìkìlọ̀ ni ti èyí, pé iṣẹ́ mi ṣì wà, àmọ́ n kò ní lọ sọ́dọ̀ bàbá mọ́. Mo kúnlẹ̀ sórí ilẹ̀ kíṣìnì, mo dúpẹ́, omi sì ń bọ́ lójú mi nítorí bàbá. Ẹlòmíràn ló ń bọ́ ọ báyìí. N kò mọ̀ bóyá ó béèrè mi rí.

Ẹ̀yin tí ẹ ka èyí, kí Ọlọ́run má jẹ́ kí ohun tí ẹ fi inú rere ṣe di ẹjọ́ sí yín lọ́rùn. Lọ́jọ́ tí ayé yín bá wà lẹ́nu ẹlòmíràn, kí Ó fi ọ̀rọ̀ tí yóò gbà yín sí onítọ̀hún lẹ́nu. Àmín.